Abẹ̀ṣẹ́kùbíòjò Tó Kọ Oúnjẹ Ìyá Rẹ̀

Òórùn omi ẹ̀gẹ́ ló máa ń jí wa nílé wa ní Abà Olóbì. Ẹni tí kò bá dàgbà síbi tí wọ́n ti ń ṣe gàrí kò lè mọ bí òórùn náà ṣe ń rí láàárọ̀ kùtù, nígbà tí omi kíkan bá ń kán tó, tó, tó láti inú àpò tí a ti to òkúta lé lórí láti àná. Ó ń wọ aṣọ, ó ń wọ irun, ó sì ń sìn wá dé ilé ẹ̀kọ́, débi pé àwọn ọmọ Ẹgbẹ́dá máa ń fọwọ́ dí imú bí a bá ti wọ kíláàsì. Ní àárọ̀ ọjọ́ tí mo fẹ́ sọ yìí, òórùn mìíràn borí rẹ̀. Màámi ń dín àkàrà. Wọn kì í dín àkàrà láàárọ̀ ọjọ́ iṣẹ́, nítorí náà gbogbo wa ti mọ̀ pé nítorí bọ̀ọ̀dá mi ni.

Káyọ̀dé ni orúkọ bọ̀ọ̀dá mi. Òun nìkan ni ọkùnrin tí Màámi bí, èmi ni mo sì kẹ́yìn rẹ̀. Ẹ má bínú pé mo ń pe ẹ̀gbọ́n mi ní "ó". Bí mo bá ní "wọ́n" fún gbogbo ẹni tó tó "wọ́n" nínú ọ̀rọ̀ yìí, ẹ kò ní mọ ẹni tí mo ń bá wí mọ́. Màámi kó àkàrà sínú àwo funfun tí a kì í lò àfi bí àlejò bá dé, wọ́n po ògì gbígbóná tì í, wọ́n gbé e ka iwájú rẹ̀. Ó wo àwo náà. Mo rí i tí ó gbé itọ́ mì. Ó bẹ̀rẹ̀, ó so okùn bàtà rẹ̀, ó ní, "Màámi, mi ò ní lè jẹun," ó sì sáré gba ọ̀nà oko lọ, bó ṣe máa ń sáré láràárọ̀ láti fi mú ara le.

Màámi dúró ti iná títí àkàrà tó kù nínú epo fi dúdú. Èmi ni mo jẹ èyí tí bọ̀ọ̀dá mi fi sílẹ̀, ó sì dùn, ẹ má jẹ́ kí n purọ́.

Kí ẹ tó lè mọ ohun tí kíkọ̀ yẹn jẹ́ nílé wa, ẹ ní láti mọ irú ẹni tí Màámi í ṣe. Mo ṣì ń rákò nígbà tí ẹ̀ka igi já lu bàbá wa lóko. Ó fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lọ, wọ́n gbé e bọ̀. Bí ọkùnrin bá kú báyẹn lábúlé, ẹnu kì í sinmi. Kò sí ẹni tó sọ ọ́ lójú Màámi, ṣùgbọ́n wọ́n ń fi ìdí ojú wò wọ́n. Màámi náà ń wò wọ́n padà. "Ìfura loògùn àgbà" ni wọ́n fi ń kí wa káàárọ̀. Bí a bá ń jáde lọ sí ilé ẹ̀kọ́, wọ́n á ní, "Páńsá ò fura, páńsá já síná, àjà ò fura, àjà jìn." A kì í ṣí ìkòkò omi wa sílẹ̀. Bí ará ilé kan bá bu oúnjẹ fún wa, Màámi á kúnlẹ̀, wọ́n á dúpẹ́ tọkàntọkàn, wọ́n á gbàdúrà fún ẹni náà àti àwọn ọmọ rẹ̀, wọ́n á sì dà á sẹ́yìn ilé bí onítọ̀hún bá ti yísẹ̀ padà. Adìẹ wa sanra nígbà yẹn. Ohun tí a kọ́ nípa oúnjẹ ni pé ẹni tí o bá fọkàn tán lo ń jẹ tirẹ̀. Ẹni tí o bá kọ oúnjẹ rẹ̀, o ti dá a lẹ́jọ́ nìyẹn. Màámi ló kọ́ wa. Ẹ wá rò ó wò, kí ọmọ tí wọ́n kọ́ dìde lọ́jọ́ kan, kó kọ tiwọn.

Èmi náà jogún ìfura yẹn, kò sì tíì jáde lára mi. Ọkọ mi mọ̀.

Ọlọ́wọ́ òsì ni bọ̀ọ̀dá mi. Láti kékeré ni Màámi ti ń bá ọwọ́ yẹn jà. Bí àkókò oúnjẹ bá tó, wọ́n á fi ọ̀já dì í mọ́ ọn lẹ́gbẹ̀ẹ́. Wọ́n ní a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni, ká má ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ pé ká fi jẹun níwájú àgbà. Ó kọ́ láti fi ọ̀tún jẹun, ṣùgbọ́n bí ó bá di ká ju òkúta, ká gbá ẹyẹ, tàbí ká gbèjà àbúrò, òsì náà ló ń yọ. Nígbà tó jáde ilé ẹ̀kọ́, ó ń ru àpò kòkó fún àwọn tó ń rà á ní Ẹgbẹ́dá. Níbẹ̀ ni kọ̀ndọ́ ọkọ̀ kan ti fìbínú na ọwọ́ sí i nítorí ṣéńjì. Bọ̀ọ̀dá mi yẹrí, ó fi òsì gbà á lẹ́ẹ̀kan péré, kọ̀ndọ́ sì jókòó sílẹ̀ láàárín tòmátì ẹni ẹlẹ́ni. Ọkùnrin kan tó ń jẹ ẹ̀pà lábẹ́ igi máńgòrò wo gbogbo rẹ̀. Dípò kó bá a wí, ó gbá ọwọ́ òsì náà mú, ó ń yí i síwá sẹ́yìn bí ẹni tó fẹ́ rà á.

Kóòṣì ni gbogbo ènìyàn ń pe ọkùnrin náà. Ó ti kan ẹ̀ṣẹ́ nínú iṣẹ́ ológun rí, ó sì ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́ lẹ́yìn ibùdókọ̀, níbi tó so àpò yanrìn rọ̀ mọ́ igi máńgòrò yẹn kan náà. Kò pẹ́ tí bọ̀ọ̀dá mi fi di ẹni tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Àwọn tó ń bá a jà ti mọ bí a ti ń sá fún ọ̀tún. Wọn kì í rí òsì títí yóò fi dé. Ó borí ní ìjọba ìbílẹ̀ wa. Ó lọ bá àwọn tó ti ìlú ńlá wá, ó borí. Nígbà tó gba àmì ẹ̀yẹ wúrà ìpínlẹ̀ wa, ọ̀kadà ló to tẹ̀ lé e wọ abúlé, àwọn ọmọdé ń pariwo "Abẹ̀ṣẹ́kùbíòjò!" Bàbá Àgbà, ẹ̀gbọ́n bàbá wa tó jẹ́ olórí agbo ilé, pa àkùkọ ńlá. Wọ́n fi wúrà náà sẹ́nu, wọ́n gé e jẹ díẹ̀ láti mọ̀ bóyá wúrà ni lóòótọ́. Wọ́n ní kì í ṣe wúrà, ṣùgbọ́n ó dára.

Àwọn tó jẹ àkùkọ yẹn náà ló kọ́kọ́ ní ojú lásán kọ́. Aṣọ tẹ́ẹ́rẹ́ gígùn kan wà tí bọ̀ọ̀dá mi máa ń wé mọ́ ọwọ́ kó tó wọ ìbọ̀wọ́ ìjà. Bí ó bá fọ̀ ọ́, tó sá a sórí okùn, kò sí ọmọ ilé tó jẹ́ gba abẹ́ rẹ̀ kọjá. Wọ́n ní nǹkan wà nínú rẹ̀. Ìpara tí Kóòṣì fi ń pa ojú rẹ̀ kí ara má baà ya, wọ́n ní a mọ irú rẹ̀. Ìyá Ṣadé, ìyàwó àbúrò bàbá wa, ló máa ń sọ ọ́ jù. Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní, "Bí kò bá nídìí, obìnrin kì í jẹ́ Kúmólú." Èmi fúnra mi jí aṣọ náà gbóòórùn lọ́jọ́ kan nígbà tí kò sí ẹnikẹ́ni nílé. Òógùn àti róòbù nìkan ló ń rùn. Síbẹ̀, mo fọ ọwọ́ mi lẹ́yìn náà.

Ìdíje tó tóbi jù lọ ló wá kàn, èyí tí àwọn tó gba wúrà ní ìpínlẹ̀ gbogbo yóò pé sí. Ní Ìbàdàn ni wọ́n fẹ́ ṣe é lọ́dún náà, ẹni tó bá sì borí ni yóò kan ẹ̀ṣẹ́ fún orílẹ̀-èdè lókè òkun. Bọ̀ọ̀dá mi fẹ́ ẹ ju bí mo ti rí ènìyàn fẹ́ nǹkan rí lọ. Ó ti ń bá mi sọ ohun tí yóò rà bọ̀ fún Màámi. Kóòṣì ló wá wo ìwọ̀n tó wà, torí bí àwọn abẹ̀ṣẹ́kùbíòjò bá ṣe wúwo tó ni wọ́n fi ń pín wọn, ó ní àwọn tó wà níbẹ̀ ga jù ú lọ, apá wọn gùn. Pé bí ó bá lè fọn díẹ̀, kó bọ́ sí ìwọ̀n ìsàlẹ̀, kò sí ẹni tí yóò dúró níwájú òsì rẹ̀. Bó ṣe di pé bọ̀ọ̀dá mi ò jẹun mọ́ nìyẹn, àárọ̀ àkàrà yẹn sì ni ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Màámi rán mi lọ ṣọ́ ọ. Wọ́n ní kí n máa lọ ta gàrí lẹ́bàá ibùdókọ̀ bí mo bá dé láti ilé ẹ̀kọ́, kí n la ojú mi. Kí ni mi ò rí? Mo rí bọ̀ọ̀dá mi nínú ẹ̀wù òtútù lábẹ́ oòrùn, tó ń fò lórí okùn. Mo rí i tó ń tu itọ́ sínú agolo, tó ń tu ú ṣáá, bí aboyún tuntun. Lọ́jọ́ kan mo gbọ́ tí Kóòṣì ń sọ fún un pé, "Má fẹnu kan oúnjẹ ìyá rẹ mọ́ títí a ó fi dé ibẹ̀. O gbọ́ mi?" Bọ̀ọ̀dá mi ní, "Mo gbọ́, sà." N kò dúró ta gàrí tó kù. Mo sáré délé, mo sì rò ó fún Màámi bí mo ti gbọ́ ọ, láì yọ ọ̀kan kúrò, láì fi ọ̀kan kún un. Irú ọmọ tí mo jẹ́ nìyẹn: ohun tí ojú mi bá rí, etí Màámi ló ń lọ tààrà.

Màámi jókòó sórí àpótí. Wọ́n ní, "Ọkùnrin yẹn ti bà mí jẹ́ lójú ọmọ mi."

Nígbà tí bọ̀ọ̀dá mi dé, wọ́n bi í. Kò fi ohunkóhun pa mọ́, mo wà níbẹ̀. Ó ní òṣùwọ̀n ni. Pé wọn yóò gbé olúkúlùkù sórí òṣùwọ̀n láàárọ̀ ọjọ́ ìjà, ẹni tó bá wúwo ju bó ti yẹ lọ, wọn ò ní jẹ́ kó jà. Màámi fẹ́rẹ̀ẹ́ rẹ́rìn-ín. Wọ́n fi oríkì rẹ̀ pè é, wọ́n ní, "Àkànní, ṣé kòkó ni ẹ́ ni?" Ẹ má dá wọn lẹ́bi. Ní abúlé wa, kòkó ni wọ́n ń gbé sórí òṣùwọ̀n, kò sì sí àgbẹ̀ kan tí òṣùwọ̀n àwọn tó ń ra kòkó kò tíì rẹ́ jẹ. Ta ni yóò sọ pé ẹni tó fẹ́ lọ jà kó kọ́kọ́ lọ gbẹ? Bí ìjà bá ń bọ̀, ṣebí iyán là ń gún fún ọkùnrin. Irọ́ tí bọ̀ọ̀dá mi ì bá pa ì bá dùn ún gbọ́ ju òótọ́ tó sọ lọ.

Láti ọjọ́ yẹn ni Màámi ti bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́ oúnjẹ wò lójú rẹ̀. Bí wọ́n bá gbé ẹ̀wà dé, wọ́n á bu síbí kan jẹ, wọ́n á gbé e mì, wọ́n á la ẹnu díẹ̀ kó rí i. Omi náà, wọ́n á kọ́kọ́ mu ú. Bí a ti ń ṣe fún àlejò tí kò mọ̀ wá ni wọ́n ń ṣe fún ọmọ tí wọ́n bí. Bọ̀ọ̀dá mi á yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, á ní, "Màámi, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́." Á bu omi bí ìdajì ife, á jáde. Ó ń gbẹ sí i. Egungun ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ yọ, ojú rẹ̀ jìn.

Ilé tí ènìyàn pọ̀ sí kò ní kọ́kọ́rọ́. Ìyá Ṣadé ti rí àwo tó ń jáde láìjẹ. Kò pẹ́, ọmọ wọn tó máa ń bá mi jẹun ní inú ń run òun. Lọ́jọ́ kejì, òmíràn ní òun ti yó. Bí a bá gbé gàrí sílẹ̀ fún ẹni tó fẹ́ rà níbi tí wọ́n ti mọ̀ wá, wọ́n á kọ́kọ́ bi wá ta ló yan án. Ọ̀rọ̀ tó ń lọ ni pé ọmọ ò dédé kọ oúnjẹ ìyá rẹ̀. Pé abẹ̀ṣẹ́kùbíòjò ti rí nǹkan. Pé ṣé ẹ rántí bí baba rẹ̀ ṣe lọ. Ní ìjọ Aládùúrà wa, ìyá kan bọ́ sínú ẹ̀mí lọ́jọ́ Ìsinmi, ó ní òun rí ẹ̀ṣẹ́ ọmọkùnrin kan tí ọwọ́ obìnrin dì mú, tí kò jẹ́ kó ṣí. Wọ́n ní kí gbogbo ìjọ dijú gbàdúrà. Èmi ò dijú, nítorí náà ni mo ṣe rí i pé ọ̀pọ̀ wọn ò dijú. Màámi ni wọ́n ń wò.

Mo rí Màámi tí wọ́n sunkún nígbà tí a ń yan gàrí. Wọ́n ní èéfín ni. Mo mọ èéfín, mo sì mọ ẹkún. Mo bínú sí bọ̀ọ̀dá mi débi pé mo gbàdúrà pé kí wọ́n lù ú bolẹ̀ ní Ìbàdàn.

Nígbà tí ọ̀la di ọjọ́ òṣùwọ̀n, Bàbá Àgbà pe gbogbo agbo ilé jọ ní ìrọ̀lẹ́ láti súre fún un. Wọ́n tẹ́ ẹní, a jókòó yí ká. Màámi ti gún iyán. Iṣu tuntun ni, wọ́n se ẹ̀gúsí, wọ́n fi ẹran ọ̀yà sí i, èyí tí bọ̀ọ̀dá mi fẹ́ràn jù láyé. Kò sí ẹni tó rán wọn. Wọ́n gbé e wá sí àárín ilé, lójú gbogbo ènìyàn, wọ́n gbé e ka iwájú ọmọ wọn, wọ́n sì kúnlẹ̀. Wọ́n bu òkèlè, wọ́n fi run ọbẹ̀, wọ́n jẹ ẹ́. Ìyá Ṣadé ló sọ̀rọ̀, wọ́n sì sọ ọ́ pẹ̀lẹ́, bí ẹni tó ń ṣàánú: "Ẹ má fipá mú ọmọ, Ìyá Káyọ̀. Ó mọ ohun tó rí."

Bàbá Àgbà gbójú sókè. Wọ́n ní, "Káyọ̀dé, kí lo rí?"

Bọ̀ọ̀dá mi wo Bàbá Àgbà, ó wo iyán, ó wo orí ìyá rẹ̀ tó tẹ̀ síwájú rẹ̀. Mo ń ṣọ́ ojú rẹ̀ bí mo ṣe máa ń ṣe. Lẹ́yìn náà ó na ọwọ́, ó gbé Màámi dìde nílẹ̀, ó ní kí wọ́n jókòó. Ó ṣan ọwọ́. Ó ní, "N kò rí nǹkan kan, Bàbá. Ebi ló ń pa mí."

Ó jẹ iyán náà. Kì í ṣe pé ó tọ́ ọ wò. Òkèlè ńlá ńlá ló ń bù, ó ń gbé e mì, kò dúró. Ó jẹ ẹran, ó fọ́ egungun rẹ̀. Nígbà tí ìṣasùn ṣófo, ó ní kí Màámi fi kún un, Màámi sì sáré wọ ilé bí ọmọge. Ó jẹ ìyẹn náà tán. Ó mu omi, ó tún bèèrè omi. Bí mo ti ń wo àwọn ènìyàn yẹn, ńṣe ni ojú ń kúrò lára Màámi lọ́kọ̀ọ̀kan, olúkúlùkù ń wá ibòmíràn wò. Ìyá Ṣadé ní àwọn fẹ́ lọ wo iná. Màámi jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ wọn, wọ́n ń fi etí aṣọ nu ojú, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Inú mi dùn débi pé mo gbàgbé gbogbo ohun tí bọ̀ọ̀dá mi ti sọ nípa òṣùwọ̀n. Gbogbo wa gbàgbé, àfi òun.

Èmi ni Màámi ní kí n bá a lọ láàárọ̀, kí ẹnikẹ́ni má baà fún un ní nǹkan jẹ lọ́nà. Nínú ọkọ̀, ó fi ẹ̀wù òtútù bo orí, ó ń tu itọ́ sínú ọ̀rá kí ara rẹ̀ lè fúyẹ́ sí i. Ní pápá náà, wọ́n bọ́ aṣọ rẹ̀ ku pátá, ó gun òṣùwọ̀n. Ọkùnrin tó ń wò ó mi orí. Kóòṣì bẹ̀ wọ́n, wọ́n ní kó lọ wá nǹkan ṣe sí i kí àkókò tó tán. Bọ̀ọ̀dá mi fi ọ̀rá wé ara, ó wọ ẹ̀wù òtútù lé e kó lè làágùn, ó ń sáré yí pápá ká nínú oòrùn tó ti ń mú. Kóòṣì ń sáré tẹ̀ lé e, bí ó ti dàgbà tó. Mo jókòó lórí àtẹ̀gùn, mo ń wò wọ́n, ìgbà yẹn ni ọ̀rọ̀ òṣùwọ̀n tó ń sọ nílé láti ọjọ́ yìí wá wọ̀ mí lórí. Àkókò tó, ó tún gorí òṣùwọ̀n. Ó ṣì wúwo jù. Wọ́n fi biro fagi lé orúkọ rẹ̀, wọ́n pe ẹlòmíràn.

Kóòṣì dì í lápá mú. "Kí lo jẹ?"

Bọ̀ọ̀dá mi bojú wo ibi tí mo jókòó sí. Ó ní omi ni òun mu. Kóòṣì ní, "O purọ́. Ta ló fún ọ lóúnjẹ?" Kóòṣì bi í, ó tún bi í, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bú sẹ́kún, ọkùnrin tó ti jagun. Bọ̀ọ̀dá mi kò dárúkọ ẹnikẹ́ni títí a fi kúrò níbẹ̀. Kò ju ẹ̀ṣẹ́ kankan ní ọjọ́ náà.

Ìgbà tí a ti sọ̀ kalẹ̀ ní Ẹgbẹ́dá, tí a ń rìn lọ sí abúlé, ló tó bá mi sọ̀rọ̀. Ó ní, "Àbẹ̀ní, sọ fún Màámi pé òṣùwọ̀n kọ̀ mí. Má fi nǹkan kan kún un." Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ẹnikẹ́ni bẹ̀ mí pé kí n má ro nǹkan tán fún Màámi. Mo sọ ọ́ bó ti ní kí n sọ ọ́. Màámi pa àtẹ́lẹwọ́ mọ́ra wọn. Wọ́n ní, "Mo ti wí! Òṣùwọ̀n wọn ń purọ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe fún wa lórí kòkó nìyẹn." Gbogbo agbo ilé sì gbà pẹ̀lú wọn, Ìyá Ṣadé náà gbà, nítorí pé kò sí ẹni tí òṣùwọ̀n kò tíì rẹ́ jẹ nínú wọn. Wọ́n bú òṣùwọ̀n fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko. Ní àkókò yẹn, àwọn ọmọ ilé ti ń bá wa jẹun padà.

Bọ̀ọ̀dá mi ṣì kan ẹ̀ṣẹ́ fún ìgbà díẹ̀ lẹ́yìn náà, láàárín àwọn tí apá wọn gùn. Ó borí àwọn kan lára wọn, àwọn mìíràn sì lù ú. Kóòṣì ti rí ẹlòmíràn tó ń tẹjú mọ́, ọmọ kan láti Làgèlú tó lọ kan ẹ̀ṣẹ́ lókè òkun nígbẹ̀yìn. Búlọ́ọ̀kù ni bọ̀ọ̀dá mi ń gún tà ní Ẹgbẹ́dá nísinsìnyí, ó ti sanra, ó ń jẹ iyán bó ti wù ú. Kò tíì sọ fún mi rí pé òun kábàámọ̀. Bí àwọn ọ̀dọ́ bá ń kan ẹ̀ṣẹ́ nínú tẹlifíṣọ̀n, ó máa ń dìde lọ wo búlọ́ọ̀kù tó ń gbẹ.

Èmi ọmọbìnrin tí ojú rẹ̀ kì í kú sí nǹkan, mo ti ń gbé òótọ́ iyán yẹn káàkiri láti ìgbà náà. Bí ẹ bá rí mi lónìí, aṣọ ni mo ń rán, ìfura mi ò sì dínkù. Mo ń wọn aṣọ oníbàárà lẹ́ẹ̀mejì nítorí mi ò gba ìwọ̀n tó bá sọ fún mi gbọ́. Ṣùgbọ́n ọmọ kékeré tí mo jẹ́ nígbà yẹn gbà pé ohun tí ojú bá rí, ẹnu gbọ́dọ̀ kó o délé. Láìpẹ́ yìí ni mo mọ bí mo ti jìnnà sí i tó.

Mo lọ kí Màámi ní abúlé. Ọmọ mi ń wo ìjà ẹ̀ṣẹ́ lórí fóònù, ó gbé e fún Màámi kí wọ́n bá òun wò ó. Ọkùnrin kan ló wà níbẹ̀ tó bọ́ra sílẹ̀ ku pátá, ó gorí òṣùwọ̀n, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì ń wò ó. Màámi bèèrè ohun tí wọ́n ń ṣe fún un. Ọmọ mi, tí kò mọ nǹkan kan, ṣàlàyé fún wọn: ó ní wọ́n ń wọ̀n ọ́n ni, pé bí ó bá jẹun jù, wọn ò ní jẹ́ kó jà, pé ṣe ni wọ́n máa ń febi pa ara wọn. Màámi jókòó, wọ́n di fóònù náà mú. Àwòrán ti kọjá, wọ́n ṣì ń wò ó. Wọ́n ní kí ọmọ lọ ṣeré níta.

Wọ́n ní, "Àbẹ̀ní."

Mo ní, "Ẹ̀n, Màámi."

"Ṣé iyán mi ni?"

Mo wo ojú wọn. Ojú tó ti ṣọ́ gbogbo abúlé fún ogójì ọdún kò tíì fọ́. Mo ní, "Rárá o, Màámi. Òṣùwọ̀n wọn ló purọ́. Ṣebí ẹ̀yin náà sọ ọ́ nígbà yẹn."

Wọ́n wò mí títí. Wọ́n ní, "Nígbà tí o wà ní kékeré, o kì í purọ́ fún mi."

Mo ní, "Mo ti dàgbà, Màámi."